Ahọ́n lílà sí méjì: ìwé tí àbúrò yín fẹ́ fọwọ́ sí kò gba ẹnikẹ́ni là

Ìbéèrè: Ẹ̀yin tí ẹ mọ̀ nípa òfin àti ìṣègùn, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi dá sí ọ̀rọ̀ yìí. Manchester ni èmi àti àbúrò mi ọkùnrin ń gbé. Ó ti pé ọmọ ogún ọdún. Ó ti fín ara dé ọrùn, mi ò bá a jà lórí ìyẹn. Ní báyìí ó fẹ́ kí ẹnì kan la ahọ́n òun sí méjì bíi ti ejò, ó ní lẹ́yìn ìyẹn òun á fín funfun ojú òun kó di dúdú. Ẹni tó fẹ́ bá a ṣe é kì í ṣe dókítà. Ṣọ́ọ̀bù tí wọ́n ti ń fín ara ló ní, ìwé káńsù sì wà lára ògiri rẹ̀. Àbúrò mi ní òun á fọwọ́ sí ìwé pé òun gbà, pé kò sẹ́ni tó lè mú ẹnikẹ́ni. Ó ní bí Ìlú Ọba bá le jù, òun á lọ ṣe é l'Ékòó ní Kérésì. Nígbà tí mo pariwo lé e lórí, ó ní ṣebí bàbá àgbà wa kọ ilà gọ̀ǹbọ́, ta ló mú olóólà? Mi ò mọ èsì tí mo lè fún un. Ṣé òfin gbà á? Kí ló lè ṣẹlẹ̀ sí i?

Ìdáhùn: Òfin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì àti ti Wales kò gbà á, ìfọwọ́sí àbúrò yín kò sì yí i padà. Ẹni tó bá mú abẹ bọ̀ ọ́ lẹ́nu ló lè ṣẹ̀wọ̀n. Àbúrò yín ní tirẹ̀ kò ní ṣẹ̀wọ̀n, ṣùgbọ́n òun ni yóò máa gbé ọgbẹ́ náà kiri. Ohun tí a fẹ́ kó yé yín dáadáa, kẹ́ ẹ lè fi yé òun náà, ni pé òfin yìí àti ewu inú iṣẹ́ náà so mọ́ra wọn. Ẹni tó mọ̀ pé ohun tí òun ń ṣe lè gbé òun dé ẹ̀wọ̀n kì í tètè pe 999, nọ́ńbà pàjáwìrì Ìlú Ọba, nígbà tí ẹ̀jẹ̀ bá kọ̀ tí kò dá.

Ẹjọ́ kan ló yanjú ọ̀rọ̀ yìí. Ọkùnrin kan ní Wolverhampton ń fín ara fáwọn èèyàn, ó sì ń lu ihò sí wọn lára. Káńsù ìlú náà ti forúkọ rẹ̀ sílẹ̀ fún iṣẹ́ méjèèjì. Nígbà tó yá, ó kọjá ibẹ̀: ó gé etí oníbàárà kan kúrò, ó gé orí ọmú ẹlòmíràn, ó sì la ahọ́n ẹnì kẹta sí méjì. Àgbàlagbà ni gbogbo wọn, àwọn fúnra wọn ni wọ́n tọ̀ ọ́ wá, wọ́n sì gbà láti ọkàn wá. Ohun tí lọ́yà rẹ̀ rọ̀ mọ́ náà nìyẹn. Ní 2018, ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn dá a lóhùn nínú ẹjọ́ tí wọ́n ń pè ní R v BM pé gbígbà tí oníbàárà gbà kò lè jẹ́ àwíjàre fún irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀. Iṣẹ́ abẹ ni, ẹni tí kì í ṣe dókítà ló ṣe é, kò sì sí ìdí ìṣègùn kankan fún un. Ní 2019 ọkùnrin náà gbà pé òun jẹ̀bi ẹ̀sùn mẹ́ta, pé òun mọ̀ọ́mọ̀ ṣe ènìyàn léṣe gidigidi, wọ́n sì sọ ọ́ sẹ́wọ̀n oṣù 40. Abala 18 nínú òfin 1861 tó dá lórí ìpalára sí ènìyàn ni wọ́n lò fún un, abala tí ìjìyà rẹ̀ lè ga dé ẹ̀wọ̀n gbére.

Ṣé òfin wá kórìíra kéèyàn ṣe ara rẹ̀ lọ́ṣọ̀ọ́ ni? Rárá. Láti 1993, nígbà tí House of Lords, ilé ẹjọ́ tó ga jù nígbà náà, ṣèdájọ́ R v Brown, ìlànà tó wà nílẹ̀ ni pé bí ìpalára bá ti kọjá ohun kékeré tí kì í pẹ́ lára, ìfọwọ́sí ẹni tó fara gbà á kò tó mọ́, àyàfi bí ohun náà bá wà lára àwọn tí òfin ti yọ sọ́tọ̀: iṣẹ́ abẹ tòótọ́, eré ìdárayá bí ẹ̀ṣẹ́ kíkàn, ara fínfín, etí lílu, ilà abẹ́ fún ọmọkùnrin. Àwọn tó ń gé ara fún owó fẹ́ràn ẹjọ́ kan tó wáyé ní 1996, níbi tí kóòtù ti dá ọkọ kan sílẹ̀ tó fi ọ̀bẹ gbígbóná kọ lẹ́tà orúkọ rẹ̀ sí ìdí ìyàwó rẹ̀, torí pé ìyàwó náà ló bẹ̀ ẹ́. Bí àbúrò yín bá mẹ́nu ba ẹjọ́ yẹn, ẹ sọ fún un pé 2018 dé lẹ́yìn 1996, àti pé àmì orí awọ ni ti tọkọtaya yẹn. Etí tí wọ́n gé kúrò àti ahọ́n tí wọ́n là kì í ṣe àmì orí awọ.

Ẹ jẹ́ ká wo ìwé ara ògiri yẹn dáadáa, torí òun ló ń tan ọ̀pọ̀ èèyàn jẹ. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì lẹ́yìn òde London, òfin ìjọba ìbílẹ̀ ti 1982 ni káńsù fi ń forúkọ àwọn oníṣẹ́ wọ̀nyí sílẹ̀. Ohun tí ìforúkọsílẹ̀ náà kàn kò pọ̀: ara fínfín, ihò lílu sí ara fún ẹ̀ṣọ́, àwọ̀ tí wọ́n ń fi sí ìpéǹpéjú àti ètè, fífi iná mànàmáná pa irun, àti abẹ́rẹ́ ìṣègùn àwọn ará Ṣáínà. Ahọ́n lílà kò sí níbẹ̀. Káńsù kò dán ẹnikẹ́ni wò bóyá ó mọ bí wọ́n ṣe ń dá ẹ̀jẹ̀ dúró. Ọkùnrin Wolverhampton yẹn náà ní ìwé tirẹ̀. Ẹ lè pe ẹ̀ka ìmọ́tótó àyíká ní káńsù yín, kẹ́ ẹ bi wọ́n léèrè ohun tí ìwé ṣọ́ọ̀bù náà kàn gan-an. Ẹ kò ní láti dárúkọ àbúrò yín.

Ìwé tí òun fúnra rẹ̀ fẹ́ fọwọ́ sí ńkọ́? Ó sábà máa ń ní ìlà kan tó sọ pé oníbàárà kò ní dá oníṣẹ́ lẹ́bi, ohun yòówù kó ṣẹlẹ̀. Òfin ẹ̀tọ́ oníbàárà ti 2015, abala 65, ti sọ ìlà yẹn dòfo: oníṣòwò kò lè fi ìwé yọ ara rẹ̀ bí àìbìkítà rẹ̀ bá pa ènìyàn tàbí ṣe é léṣe. Èyí lè dà bí ìròyìn ayọ̀ fún àbúrò yín, àmọ́ ẹ ronú sí i. Lọ́dọ̀ ta ni yóò ti gba owó gbà-má-bínú? Oníṣọ́ọ̀bù tó ní adójútòfò ní in fún ara fínfín àti ihò lílu, a kò sì rò pé ilé iṣẹ́ adójútòfò kan yóò sanwó lórí ohun tí kóòtù ti pè ní ìwà ọ̀daràn. Ẹ ní kó fi ìwé adójútòfò náà hàn yín, kẹ́ ẹ ka ojú ewé tí wọ́n to àwọn ohun tí wọn kì í sanwó fún sí. Ìwé oníbàárà kò gba oníṣẹ́ là lọ́wọ́ ẹ̀wọ̀n, kò sì fi kọ́bọ̀ lé àbúrò yín lọ́wọ́.

Ó kan ahọ́n fúnra rẹ̀.

Ahọ́n kì í ṣe awọ. Ẹran ni látòkè délẹ̀, ẹ̀jẹ̀ sì pọ̀ nínú rẹ̀ gan-an. Òpó ẹ̀jẹ̀ méjì ló ń bọ́ ọ, ọ̀kan lápá ọ̀tún, ọ̀kan lápá òsì, àwọn méjèèjì sì ya láti ara òpó ńlá ọrùn tó ń gbé ẹ̀jẹ̀ lọ sí ojú. Àwọn tó ń là á máa ń sọ pé kò sí ẹ̀jẹ̀ láàárín gbùngbùn. Òótọ́ wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n kò pé. Ìgànná tín-ín-rín kan wà láàárín gan-an tí ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ kò tó nǹkan. Bí abẹ bá yẹ̀ ní mìlímítà mélòó kan péré sí ẹ̀gbẹ́ kan, pàápàá ní abẹ́ ahọ́n níbi tí òpó ẹ̀jẹ̀ ti sún mọ́ ojú, ẹ̀jẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ sí í ta jáde bí ọkàn ṣe ń lù. Nínú yàrá iṣẹ́ abẹ, dókítà ní ẹ̀rọ tó fi ń jó ẹnu òpó ẹ̀jẹ̀ pa, ó ní okùn tó fi ń so ó, ẹlòmíràn sì dúró tó ń fa ẹ̀jẹ̀ kúrò lọ́nà ọ̀fun. Aṣọ ìnujú ni wọ́n sábà máa ń ní ní ṣọ́ọ̀bù.

Ẹ̀jẹ̀ ẹnu ní ẹ̀tàn nínú, torí pé èèyàn ń gbé e mì. Ohun tí ẹ rí nínú abọ́ lè jẹ́ díẹ̀, kí èyí tó ti wọ ikùn sì pọ̀ jù ú lọ. Àgbàlagbà ní nǹkan bíi lítà 5 ẹ̀jẹ̀ lára. Bí ó bá pàdánù tó lítà kan ààbọ̀, ara rẹ̀ á tutù, á máa làágùn, ọkàn rẹ̀ á máa sáré, ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ á sì bẹ̀rẹ̀ sí í dàrú. Bí ó bá bẹ̀rẹ̀ sí í bì ohun dúdú tó dà bí ìdọ̀tí kọfí, ẹ̀jẹ̀ tó ti gbé mì nìyẹn.

Èyí tó sábà ń pani nínú ọgbẹ́ ahọ́n kì í ṣe ẹ̀jẹ̀ nìkan, wíwú ni. Ahọ́n tí abẹ kàn máa ń wú, wíwú náà sì sábà máa ń burú jù láàárín ọjọ́ méjì sí mẹ́ta àkọ́kọ́, nígbà tí àbúrò yín ti padà sílé tó ti sùn sórí ibùsùn rẹ̀. Bí ẹ̀jẹ̀ bá ń ṣẹ́ sábẹ́ ahọ́n láìjáde síta, á máa ti ahọ́n sókè àti sẹ́yìn títí yóò fi dí ọ̀nà èémí. Bí kòkòrò inú ẹnu bá wọ ọgbẹ́ náà, ó lè ràn lọ sí ilẹ̀ ẹnu àti abẹ́ àgbọ̀n. Àwọn dókítà ń pè é ní Ludwig's angina: abẹ́ àgbọ̀n á le bí pátákó, itọ́ á máa dà torí pé kò ṣeé gbé mì, ohùn á dà bí ti ẹni tó fi iṣu gbígbóná sẹ́nu, aláìsàn kò sì ní lè fẹ̀yìn lélẹ̀. Kì í ṣe ohun tí èèyàn ń fi omi iyọ̀ fọ ẹnu fún. Wákàtí díẹ̀ ló wà láàárín ìyẹn àti ikú.

Ká ní gbogbo èyí kò ṣẹlẹ̀, ó ku ohun tí yóò bá a gbé. Iṣan tó ń mú ahọ́n mọ adùn àti ooru lè gé, ẹ̀gbẹ́ kan ahọ́n á sì kú tipiri. T, d, s, n, l, r: gbogbo wọn ni ṣóńṣó ahọ́n fi ń ṣiṣẹ́, ó sì lè gbà á ní ọ̀sẹ̀ púpọ̀ kó tó tún wọn sọ bó ṣe yẹ. Àwọn mìíràn kò padà sí bí wọ́n ṣe wà rárá. Ọgbẹ́ náà tún máa ń fẹ́ pa dé: ara á máa so ó pọ̀ láti ẹ̀yìn bọ̀ wá síwájú, tí wọ́n á fi ní kó wá kí àwọn tún un là. Bí ó bá sì yí ọkàn padà lẹ́yìn ọdún márùn-ún, iṣẹ́ abẹ mìíràn ni wọn yóò ṣe láti ran án pọ̀, wọ́n ní láti kọ́kọ́ gé ẹ̀gbẹ́ méjèèjì tó ti jinná kúrò, àpá yóò sì wà níbẹ̀. Ní 2018 kan náà, ẹ̀ka àwọn dókítà eyín ní Royal College of Surgeons ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kìlọ̀ ní gbangba pé kí ẹnikẹ́ni má ṣe é.

Ẹ bi oníṣọ́ọ̀bù náà léèrè ohun tí yóò lò kí àbúrò yín má baà jẹ̀rora. Ìdáhùn rẹ̀ á sọ púpọ̀ fún yín. Bí ó bá ní òun kò lò ohunkóhun, ẹni tó ń jẹ̀rora á mira, abẹ á sì yẹ̀. Bí ó bá ní òun á gún un ní abẹ́rẹ́ lidocaine, oògùn tó nílò ìwé dókítà nìyẹn, kò sì sí ẹ̀tọ́ kankan tó ní láti gún un. Lidocaine tó jẹ́ ìdá 2 nínú 100 ní mílígíráàmù 20 nínú mìlílítà kan. Ìwọ̀n tí àwọn dókítà ń ṣọ́ fún èyí tí kò ní adrenaline nínú jẹ́ nǹkan bíi mílígíráàmù 3 fún kílò ara kọ̀ọ̀kan, ìyẹn 210 fún ẹni tó wọn kílò 70, mìlílítà 10 ààbọ̀ péré. Bí ó bá bọ́ sínú òpó ẹ̀jẹ̀, ìwọ̀n tó kéré sí ìyẹn gan-an tó ṣe ìpalára. Ètè á kọ́kọ́ kú tipiri, ẹnu á máa korò bí irin, etí á máa hó, lẹ́yìn náà gìrì, lẹ́yìn náà kí ọkàn dúró. Ilé ìwòsàn ní omi ọlọ́ràá tí wọ́n ń fà sí èèyàn lára láti fi gbà á là. Ṣọ́ọ̀bù kò ní in. Ìpara lidocaine náà kì í ṣe ohun ìṣeré: bí wọ́n bá fi púpọ̀ pa inú ẹnu, níbi tí awọ ti fẹ́lẹ́, ara á fà á mu kíákíá.

Ti kòkòrò inú ẹ̀jẹ̀ ò gùn. Kòkòrò mẹ́dọ̀wú B lè wà láàyè lórí tábìlì fún ó kéré tán ọjọ́ méje. Ẹ̀rọ tó ń fi ooru omi pa kòkòrò gbọ́dọ̀ dé ìwọ̀n 134 lórí Celsius fún ìṣẹ́jú mẹ́ta, tàbí 121 fún ìṣẹ́jú 15. Dẹ́tòl, omi gbígbóná àti iná ìṣáná kò lè ṣe iṣẹ́ yẹn. Bí ohun èlò ẹlòmíràn bá ti kàn án, oògùn tó ń dènà HIV gbọ́dọ̀ bẹ̀rẹ̀ kó tó pé wákàtí 72, bó bá sì yá jù bẹ́ẹ̀ lọ ló dára jù, ọjọ́ 28 ni yóò sì fi lò ó.

Ohun méjì kan wà tí àwọn oníṣẹ́ yìí kì í béèrè, ó sì kan àwa aláwọ̀ dúdú gidi. Àkọ́kọ́ ni jẹnotáìpù. Bí àbúrò yín bá jẹ́ SS tàbí SC, ẹ̀jẹ̀ dídà, ìrora, ọgbẹ́ tó ń kẹ̀ àti àìrí omi mu torí ẹnu wíwú, ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn tó láti fa ìrora eegun tó ń gbéni dé ilé ìwòsàn. Èkejì ni àpá tó máa ń wú kọjá ojú ọgbẹ́, tí wọ́n ń pè ní keloid. Ó wọ́pọ̀ láàárín wa ju láàárín àwọn òyìnbó lọ, etí, àyà àti èjìká ló sì ti ń yọ jù. Ẹni tó bá fẹ́ gé ṣóńṣó etí kó lè rí bí ti iwin, tàbí tó fẹ́ fi rọ́bà silikónì sábẹ́ awọ àyà, kó kọ́kọ́ wo àpá ìgbà tí wọ́n lu etí rẹ̀ tàbí ti abẹ́rẹ́ àjẹsára èjìká rẹ̀. Bí ibẹ̀ bá yọ gànǹgàn, ìdáhùn ti wà lára rẹ̀. Bí wọ́n bá kàn gé keloid kúrò láìfi ìtọ́jú mìíràn kún un, ó sábà máa ń padà, ó sì lè tóbi ju ti àkọ́kọ́ lọ.

Funfun ojú ló bà wá lẹ́rù jù nínú lẹ́tà yín. Ahọ́n lè jinná dé àyè kan. Ojú tó bá fọ́ ti fọ́ nìyẹn. Wọn kì í fín ojú bí wọ́n ṣe ń fín apá. Abẹ́rẹ́ ni wọ́n fi ń tú tàdáwà sáàárín awọ tín-ín-rín tó bo ojú àti funfun fúnra rẹ̀. Níbi tí funfun yẹn ti fẹ́lẹ́ jù, nínípọn rẹ̀ kò ju mìlímítà 0.3 lọ. Ọwọ́ tó bá gbọ̀n díẹ̀, tàbí ojú tó bá ṣẹ́ẹ̀ṣẹ́ mira, abẹ́rẹ́ ti wọ inú ẹyinjú nìyẹn. Tàdáwà àti kòkòrò á bọ́ sínú rẹ̀, awọ ẹ̀yìn ojú tó ń gba àwòrán lè ṣí kúrò níbi tó wà, ojú náà á kún fún ọyún, nígbà mìíràn ńṣe ni wọ́n á yọ ọ́ dànù. Kò sí tàdáwà kankan tí wọ́n ṣe fún inú ojú. Èyí tó ti wọlé kò ṣeé fà jáde pátápátá, ó sì lè máa ràn kiri abẹ́ awọ ojú fún ọ̀pọ̀ oṣù. Kódà bí gbogbo rẹ̀ bá lọ geere, dókítà kò ní lè wo funfun ojú rẹ̀ mọ́ láti mọ̀ bóyá ibà pọ́njú-pọ́ntọ̀ ń ṣe é, ìyẹn sì ṣe pàtàkì púpọ̀ fún ẹni tó bá ní SS tàbí mẹ́dọ̀wú. Ìpínlẹ̀ Oklahoma ní Amẹ́ríkà ti fòfin dè é láti 2009, Ontario ní Kánádà náà ti fòfin dè é. Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kò ní òfin tó dárúkọ ojú fínfín, ṣùgbọ́n ní tiwa, a kò rí ọ̀nà tí ẹni tó bá fọ́ ojú oníbàárà fi lè bọ́ lọ́wọ́ ìdájọ́ R v BM.

Ọ̀rọ̀ Èkó tí àbúrò yín fi ń halẹ̀ kò gbé e níbì kankan. Criminal Code, ìwé òfin ìwà ọ̀daràn tí ọ̀pọ̀ ìpínlẹ̀ Gúúsù Nàìjíríà ń lò, pe ìpalára tó bá ba ìrísí èèyàn jẹ́ títí láé, tàbí tó bá ṣe ẹ̀yà ara lọ́ṣẹ́ títí láé, ní ìpalára ńlá. Abala 335 fi ẹ̀wọ̀n ọdún méje sí i. Abala 297 ló dáàbò bo oníṣẹ́ abẹ, lára ohun tó sì béèrè nìyí: kó ṣe é pẹ̀lú ọkàn mímọ́, kó lo ìṣọ́ra àti ìmọ̀ tó yẹ, kó sì jẹ́ fún àǹfààní ẹni tó ṣe é fún. Èkó ní òfin ìwà ọ̀daràn tirẹ̀ láti 2011, àmọ́ kò sọ ẹni tó ń fín ara di dókítà. Ẹni tí orúkọ rẹ̀ kò sí lọ́dọ̀ Medical and Dental Council of Nigeria kò lẹ́tọ̀ọ́ láti ṣiṣẹ́ dókítà. Ẹ fi èyí kún un: bí ahọ́n bá wú ní òru ọjọ́ Kérésì, nọ́ńbà pàjáwìrì Èkó ni 767 tàbí 112, súnkẹrẹ-fàkẹrẹ ọkọ̀ sì wà láàárín òun àti ilé ìwòsàn. Bí wọ́n bá wá fi ọkọ̀ òfuurufú gbé e padà sí Manchester ní ọjọ́ kẹta, wíwú àti ọyún á bá a lójú ọ̀run, níbi tí kò sí dókítà.

Ẹ má fi ẹ̀rín lé ìbéèrè rẹ̀ nípa olóólà, torí ìbéèrè gidi ni. Olóólà kì í ṣe ẹni àìmọ̀. Iṣẹ́ ìdílé ni, Ògún ni wọ́n ń bọ, ilé wọn kò ṣàjèjì sí ẹnikẹ́ni ní ìlú, omi ìgbín wọn kò sì jìnnà sí abẹ wọn. Bí ọmọ bá kú lọ́wọ́ wọn, gbogbo àdúgbò ló mọ ibi tí wọ́n á ti wá béèrè. Abẹ wọn kò sì kọjá awọ, ìbáà jẹ́ àbàjà, pélé tàbí gọ̀ǹbọ́, ìbáà sì jẹ́ kọ́lọ́ tí wọ́n ń fín sí apá àti ikùn. Síbẹ̀ ọgbẹ́ kẹ̀, tẹ́tánọ́ọ̀sì sì pa àwọn ọmọ kan. Ibì kan wà tí àbúrò yín ti jàre: ọmọdé tí kò lè sọ bẹ́ẹ̀ ni tàbí bẹ́ẹ̀ kọ́ ni wọ́n ń kọ ilà fún, àgbàlagbà sì ni òun. Nítorí ọmọdé gan-an ni òfin ṣe dá sí i. Abala 24 nínú Òfin Ẹ̀tọ́ Ọmọdé ti Nàìjíríà, 2003, sọ pé ẹnikẹ́ni kò gbọ́dọ̀ fín ọmọdé lára tàbí kọ ilà fún un. Owó ìtanràn tí kò ju 5,000 náírà lọ tàbí ẹ̀wọ̀n oṣù kan, tàbí méjèèjì, ni ìjìyà rẹ̀. Ní London pàápàá, ní 1974, wọ́n gbé ìyá Yorùbá kan dé ilé ẹjọ́ ńlá Old Bailey torí pé ó fi abẹ fá ilà sí ẹ̀rẹ̀kẹ́ àwọn ọmọkùnrin rẹ̀ méjì, ọ̀kan ọmọ ọdún 14, ìkejì ọmọ ọdún 9. Àwọn ọmọ náà kò kọ̀, ilà náà kò sì jinlẹ̀. Wọ́n dá a lẹ́bi, adájọ́ sì jẹ́ kó lọ láìjìyà, ṣùgbọ́n ó kìlọ̀ pé ẹni tó bá tún ṣe é kò ní rí irú àánú bẹ́ẹ̀. Nítorí náà, bí ó bá bi yín pé ta ló mú olóólà, ẹ ní wọ́n ti mú ìyá ẹni kan, lórí ohun tó kéré sí èyí tí òun fẹ́ ṣe.

Ẹ má pariwo mọ́. Ẹ bi í ní ohun tó ń wá gan-an. Bí ìrísí ni, ọ̀nà tí òfin gbà wà. Wọ́n lè lu ahọ́n rẹ̀ ní ṣọ́ọ̀bù tó ní ìwé. Irin gígùn ni wọ́n á kọ́kọ́ fi sí i torí wíwú, kó sì padà lọ lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ díẹ̀ kí wọ́n fi kúkúrú rọ́pò rẹ̀, torí irin gígùn ló ń fọ́ eyín tó sì ń jẹ erìgì. Etí iwin tí wọ́n fi silikónì ṣe wà tó ṣeé lẹ̀ mọ́ etí tó sì ṣeé bọ́. Ojú dúdú ṣeé fi gíláàsì inú ojú ṣe, ṣùgbọ́n lọ́dọ̀ onígíláàsì tó forúkọ sílẹ̀ ni kó ti rà á, òfin Ìlú Ọba béèrè bẹ́ẹ̀ kódà fún èyí tí kò wà fún ìríran. Bí ó bá taku pé ahọ́n ni, ẹ ní kó lọ bá dókítà tí orúkọ rẹ̀ wà lọ́dọ̀ General Medical Council, àjọ tó ń forúkọ àwọn dókítà Ìlú Ọba sílẹ̀, kó gbọ́ ohun tí yóò sọ, kó sì dúró ó kéré tán ọ̀sẹ̀ méjì kó tó pinnu. Bí àwọn dókítà iṣẹ́ ẹwà tó dáńtọ́ ti ń ṣe nìyẹn. Oníṣọ́ọ̀bù tó ní kó wá lọ́la, kó mú owó lọ́wọ́, tí kò sì fẹ́ kí ẹ tẹ̀ lé e wá, ti sọ irú ẹni tí òun jẹ́. Bí ẹ bá sì kíyè sí i pé ara rẹ̀ ń rí i lára, pé kò lè wo dígí, tàbí pé ìkánjú yìí bẹ̀rẹ̀ lẹ́yìn ìbànújẹ́ kan, dókítà ìdílé yín ló yẹ kó kọ́kọ́ rí.

Bí ó bá ti lọ ṣe é kí ìdáhùn yìí tó dé ọ̀dọ̀ yín, ẹ jẹ́ kó jókòó, kó tẹ̀ síwájú díẹ̀, kó máa tutọ́ ẹ̀jẹ̀ dànù dípò kó gbé e mì. Kó fi aṣọ tó mọ́ di ahọ́n náà mú gírígírí fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá gbáko, láìṣí i wò. Ẹ má fún un ní aspirin tàbí ibuprofen, wọ́n á jẹ́ kí ẹ̀jẹ̀ máa dà sí i. Paracetamol oní-500 ni kó lò, ọ̀kan tàbí méjì lẹ́ẹ̀kan, wákàtí mẹ́rin láàárín, kò sì gbọ́dọ̀ ju mẹ́jọ lọ láàárín wákàtí 24. Ẹ pe 999 bí ẹ̀jẹ̀ kò bá dá lẹ́yìn ìṣẹ́jú mẹ́wàá náà, bí abẹ́ ahọ́n bá ń wú, bí itọ́ bá ń dà, bí ohùn bá yí, bí èémí bá ń dún, tàbí bí kò bá lè dùbúlẹ̀. Ẹ má tẹ́ ẹ sílẹ̀ gbalaja, ìjókòó ni kó wà. Bí ó bá jẹ́ ojú, tó sì ń ro ó, tàbí tí ìríran rẹ̀ ń ṣú, ẹ má fi omi tàbí oògùn kankan kán an, ẹ má tẹ̀ ẹ́, ẹ gbé e lọ sí ilé ìwòsàn ojú ní ọjọ́ náà. Ẹ sọ òtítọ́ fún àwọn tó bá gbà yín: ohun tí wọ́n ṣe, wákàtí tí wọ́n ṣe é, oògùn tí wọ́n gún un àti bó ṣe pọ̀ tó, jẹnotáìpù rẹ̀, àti ìgbà tó gba abẹ́rẹ́ tẹ́tánọ́ọ̀sì gbẹ̀yìn. Bí ìgò oògùn tàbí tàdáwà bá wà nílẹ̀, ẹ mú un dání. Wọn kì í gba owó ní ẹ̀ka pàjáwìrì NHS, ilé ìwòsàn ìjọba Ìlú Ọba, ìtọ́jú rẹ̀ ni yóò sì kọ́kọ́ jẹ wọ́n lógún.